Ẹni Tó Ní Imú Ló Ni Odó

Tẹ́ ẹ bá dé àdúgbò wọn ní Ràṣíìdì, nílẹ̀ Íjíbítì, lẹ́yìn ibi tí wọ́n ti ń kan ọkọ̀ ojú omi, tẹ́ ẹ ní Bàhígà lẹ̀ ń wá, ẹ ó dúró síbẹ̀ pẹ́. Kò sẹ́ni tó mọ Bàhígà. Ẹ ní Ìyá Náàgì. Ọmọ tó bá wà nítòsí á nawọ́ sókè, sí àjà kejì, síbi fèrèsé onígi aláwọ̀ ewé yẹn. Tó bá sì jẹ́ ọmọ ẹlẹ́nu, á kọ́kọ́ fi ohùn obìnrin náà dá yín lóhùn: "Ta lẹ̀ ń wá? Ta ló rán yín? Ṣé ẹ ti jẹun?" Bó ṣe máa ń bèèrè mẹ́tẹ̀ẹ̀ta nìyẹn, láìmí.

Ìyá Náàgì kúrú díẹ̀, ó sanra díẹ̀, ṣùgbọ́n ẹnu ẹ̀ ò kúrú rárá. Kò sẹ́ni tí ò lè sín jẹ. Á sín ẹlẹ́ja jẹ, á sín bírígádíà tó ti fẹ̀yìn tì jẹ, tó máa ń wúkọ́ kó tó kí èèyàn. Á sín ọkọ ẹ̀ tó ń kan ọkọ̀ ojú omi jẹ, tí kì í sọ ju "Hẹ̀n" lọ láàárọ̀ àti "Hẹ̀n" lálẹ́. Èyí tó mọ̀ ọ́n sín jẹ jù ni ẹ̀gbọ́n ọkọ ẹ̀ obìnrin, Àǹtí Ràtíbà, tó ń gbé nísàlẹ̀, tó máa ń fi imú sọ̀rọ̀, tó sì máa ń fa ìdí ọ̀rọ̀ gùn bíi pé kò fẹ́ kó tán: "Ìyá Náàgììì, odó yín tún ti ń fọ́ mi lóríììì."

Odó yẹn gan-an lọ̀rọ̀ wà.

Odó idẹ ni, òun ni Ìyá Náàgì fi ń gún dúkà. Kò sí ilé tí ò ní dúkà ládùúgbò yẹn: ẹ̀pà, yànmọ̀tí, kórìáńdà, kúmínì, ata dúdú, iyọ̀, míǹtì gbígbẹ, gbogbo ẹ̀ á di lẹ́búlẹ́bú tó ṣì ní hóró nínú. Wàá ti búrẹ́dì bọ òróró, wàá tún ti í bọ dúkà, ó parí. Gbogbo ilé ló ní i, àmọ́ tilé Ìyá Náàgì ni gbogbo ilé ń wá.

Ṣé ẹ rí odó náà, ti ìyá ọkọ ẹ̀ ni. Òun náà ni wọ́n lù sí Náàgì létí lọ́jọ́ tó pé ọjọ́ méje láyé, kaàn, kaàn, tí ìyá àgbà ń ké pé, "Gbọ́ ti ìyá ẹ, má gbọ́ ti bàbá ẹ," tí bàbá ẹ̀ sì dúró sí kọ̀rọ̀, tó ń rẹ́rìn-ín bí ẹni tí wọ́n jí bàtà ẹ̀ ní mọ́ṣáláṣí. Nígbà tí ìyá àgbà ń darúgbó lọ, ó pe ọmọ ẹ̀ Ràtíbà, ó pe ìyàwó ọmọ ẹ̀ Bàhígà, ó gbé odó sáàárín, ó ní kí kálukú yan yànmọ̀tí tiẹ̀. Ràtíbà ń yan tiẹ̀ lọ ni ó gbọ́ tí aládùúgbò kan dárúkọ ẹ̀ nísàlẹ̀. Ló bá gbé orí síta, ìjà dé. Kó tó padà, yànmọ̀tí ti di èédú. Ìyá àgbà fi ọwọ́ ti odó sọ́dọ̀ Bàhígà. Ó ní, "Ẹni tó ní imú ló ni odó." Kò sọ ju bẹ́ẹ̀ lọ, kò sì pẹ́ tó fi kú.

Àǹtí Ràtíbà ò gbàgbé. Bí odó bá ti ń dún lókè, á ti fi igi ìgbálẹ̀ gún àjà nísàlẹ̀.

Nígbà òtútù tó kọjá ni ọ̀fìnkìn kan mú Ìyá Náàgì. Ọ̀fìnkìn lọ, ó mú òórùn dání lọ. Ìyá Náàgì gbé kọfí símú, kò gbọ́ nǹkan kan. Ó gbé àlùbọ́sà, kò gbọ́. Ó gbé ìbọ̀sẹ̀ ọkọ ẹ̀ símú, kò gbọ́, ìyẹn sì dùn mọ́ ọn díẹ̀. Àmọ́ nígbà tó gbé kórìáńdà kaná tí kò gbọ́ nǹkan kan, ó jókòó. Kò sọ fún ẹnikẹ́ni. Ta ló fẹ́ sọ fún? Kí ó sọ ọ́ láàárọ̀, kí Ràtíbà wá gbé odó lọ lọ́sàn-án?

Ó ronú, ó rí ọ̀nà. Àwọn tó ń gbé lókè ilé kì í sọ̀kalẹ̀ wá ra nǹkan, agbọ̀n ni wọ́n ń fi okùn sọ̀ kalẹ̀ látojú fèrèsé. Bí òórùn dúkà bá ti gòkè, agbọ̀n á bẹ̀rẹ̀ sí í bọ̀ lójú fèrèsé Ìyá Náàgì, búrẹ́dì á wà nínú ẹ̀, wọ́n á ní, "Ìyá Náàgì, ẹ bù fún wa ká tọ́ ọ wò." Ìyá Náàgì wá mọ̀ pé tí agbọ̀n Ìyá Ṣúkírì bá yọ, kórìáńdà ti fẹ́ jinná. Tí ti bírígádíà bá tẹ̀ lé e, kí ó tètè sọ ọ́ kalẹ̀. Báyìí ló ṣe ń yan án látìgbà náà. Ojú ẹ̀ á wà lójú fèrèsé, ọwọ́ ẹ̀ á wà nínú páànù, á sì máa kọrin bíi pé ọkàn ẹ̀ balẹ̀. Ọkàn ẹ̀ balẹ̀ lóòótọ́. Obìnrin yẹn ò mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe ojo.

Wọ́n wá pe Náàgì sí iṣẹ́ ṣójà. Ọ̀la ni yóò lọ sí bárékè.

"Màmá, ẹ má di ẹran fún mi," Náàgì ti sọ bẹ́ẹ̀ láàárọ̀ kó tó jáde lọ fá irun. "Wọ́n á jí i jẹ mọ́ mi lọ́wọ́ lọ́jọ́ kìíní. Dúkà ni kẹ́ ẹ fún mi. Ó máa ń pẹ́."

"Dúkà ni wọn ò ní jí ni?"

"Wọ́n á jí i. Ṣùgbọ́n wọ́n á fi mí ṣọ̀rẹ́ nítorí ẹ̀."

Ìyá Náàgì gbé páànù kaná. Bó ṣe da kórìáńdà sí i báyìí ni Kàmásíìnì dé, afẹ́fẹ́ yẹn tó máa ń ti aṣálẹ̀ wá, tó gbóná bí ẹnu ààrò, tó sì pọ́n bí ẹyìn ọ̀pẹ. Iyanrìn wọ gbogbo nǹkan. Pá, pá, pá, gbogbo ilé ti fèrèsé pa. Ìyá Náàgì náà ti tiẹ̀, kí iyanrìn má baà bọ́ sínú oúnjẹ ọmọ ẹ̀. Ó wá dúró ti iná, ó ń ro kórìáńdà, ojú ẹ̀ wà lára gíláàsì fèrèsé, ó ń wá agbọ̀n.

Agbọ̀n wo? Ta ló fẹ́ sọ agbọ̀n sínú Kàmásíìnì?

Ó ṣì ń retí agbọ̀n ni ilẹ̀kùn ṣí. Àǹtí Ràtíbà ló wọlé, ó fi ìborí bo ẹnu.

"Ìyá Náàgììì, ṣé ilé lẹ̀ ń jó niii?"

Ìyá Náàgì bojú wo páànù. Kórìáńdà ti dúdú bí ìdí ìkòkò. Ó gbé e kúrò lórí iná, kò tilẹ̀ yára.

"Bí wọ́n ṣe ń yan án ní Kàírò nìyẹn báyìí," ó ní. "Ẹ ò jáde ni, ẹ ò lè mọ̀."

Àǹtí Ràtíbà sún mọ́ iná. Ó wo páànù, ó wo imú ìyàwó wọn. Ó ki ọwọ́ sí àpò, ó di nǹkan kan mọ́ inú ẹ̀ṣẹ́, ó nà án síwájú ojú Ìyá Náàgì.

"Kí ló wà lọ́wọ́ mi?"

Ìyá Náàgì dijú, ó fa èémí bí ẹni tó ń ra lọ́fínńdà. Ó mi orí.

"Kúmínì. Ó sì ti pẹ́ díẹ̀, Àǹtí, ẹ ra tuntun."

Àǹtí Ràtíbà la ọwọ́. Káńfọ̀ ni, funfun báláú, èyí tí wọ́n ń kì sáàárín aṣọ kí kòkòrò má baà jẹ ẹ́.

Afẹ́fẹ́ ń gbá fèrèsé.

"Látìgbà wo?"

"Látìgbà òtútù."

"Ẹni tó ní imú," Àǹtí Ràtíbà bẹ̀rẹ̀, ó rọra ń sọ ọ́, ọ̀rọ̀ yẹn dùn lẹ́nu ẹ̀, ó sì ti nawọ́ sí odó.

Ìyá Náàgì fi ọwọ́ bo ẹnu odó. "Àǹtí, kórìáńdà ṣì kù. Ẹ jẹ́ kí n yan án lẹ́ẹ̀kan sí i. Tó bá jó, ẹ gbé odó máa lọ sísàlẹ̀, mi ò ní sọ̀rọ̀."

"Kí lẹ fẹ́ fi yan án?"

"Etí."

"Ìyá mi ò sọ pé ẹni tó ní etí."

"Wọn ò sọ pé ká máa bá aládùúgbò jà lójú fèrèsé kí yànmọ̀tí máa jó náà. Ẹ lọ di fèrèsé yẹn mú fún mi, ariwo ẹ̀ pọ̀ jù. Ẹ sì panu mọ́."

Ọlọ́run ló mọ ìdí tó fi gbà. Àǹtí Ràtíbà lọ dúró ti fèrèsé, ó fi ẹ̀yìn tì í bí ẹni tí wọ́n fẹ́ yìnbọn fún, ó sì panu mọ́. Ohun tí ò ṣẹlẹ̀ rí nínú ilé yẹn nìyẹn.

Ìyá Náàgì dijú, ó da kórìáńdà tuntun sí páànù. Lákọ̀ọ́kọ́, ṣìì, ṣìì, bí ẹni tó ń yíra padà lójú oorun. Ó ń rò ó lọ. Ó pẹ́ díẹ̀, ọ̀kan dún: pá. Ó dákẹ́. Òmíràn: pá. Ó sún etí mọ́ ọn. Pá, pá-pá.

"Ó ti jinná," ó ní, ó gbé e kúrò.

Àǹtí Ràtíbà fà á símú láti ibi fèrèsé. "Ó ku díẹ̀."

"Díẹ̀ yẹn ni páànù á ṣe fúnra ẹ̀. Iná ti kúrò, ooru ò tíì kúrò. Ẹ máa fà á símú lọ."

Àǹtí Ràtíbà ń fà á símú lọ. Nígbà tó yá, ojú ẹ̀ yí padà díẹ̀, bí ẹni tó rántí ìyá ẹ̀. Kò sọ pé ó dáa. Àmọ́ kò sọ pé kò dáa.

Yànmọ̀tí tẹ̀ lé e. Ìyẹn máa ń fò ní tiẹ̀, ṣẹ̀-ṣẹ̀-ṣẹ̀, bí òjò lórí páànù ilé. Nígbà tó kan gígún, Ìyá Náàgì jókòó sílẹ̀, ó gbé odó sáàárín ẹsẹ̀. Kaàn, kaàn, kaàn. Ó da ẹ̀pà sí i lẹ́yìn, ó ń gún, ó ń gbọ́. Bí ẹ̀pà bá ti fẹ́ tú òróró sílẹ̀, odó ò ní dún bí aago mọ́, á máa ṣe kúù, kúù. Kúù kìíní dún, ó dáwọ́ dúró. Tó bá gún un lẹ́ẹ̀kan sí i, á di ọbẹ̀.

"Míǹtì," ó ní, ó ki ọwọ́ sínú ike.

"Ẹ dúró." Àǹtí Ràtíbà ti fi fèrèsé sílẹ̀. Ó gba ike, ó fi imú kan án. "Ta ló tà á fún yín?"

"Kí ló ṣe é?"

"Ó ti kú. Koríko ni. Ẹ fẹ́ fún ọmọ ní koríko lọ sí bárékè bí ẹni tó ń bọ́ ewúrẹ́ ni?"

Ìyá Náàgì wò ó. Tó bá jẹ́ irọ́ ni, kò lè mọ̀. Ẹni tó ń wá odó ẹ láti ọdún wọ̀nyí wá dúró sí ilé ìdáná ẹ, ó ní míǹtì ẹ ti kú. Àti pé tí Ràtíbà bá ti dákẹ́ jẹ́jẹ́, tó jẹ́ kí koríko wọ inú dúkà, Náàgì á sọ fún ara ẹ̀ pé ìyá òun ti ń darúgbó, odó á sì sọ̀ kalẹ̀ fúnra ẹ̀. Kí ló dé tó fi sọ ọ́ nígbà náà?

"Ẹ lọ mú tiyín wá," Ìyá Náàgì ní.

Àǹtí Ràtíbà sọ̀kalẹ̀, sálúbàtà ẹ̀ ń dún pá, pá lórí àtẹ̀gùn, ó sì gòkè padà pẹ̀lú míǹtì tó fúnra ẹ̀ sá sórí òrùlé. Ìyá Náàgì ń wọ́n ọn, Àǹtí Ràtíbà tẹ orí ba odó.

"Sí i. Sí i. Ó tó. Mo ní ó tó, ṣé etí náà ti lọ ni?"

Nígbà tí Náàgì wọlé, afẹ́fẹ́ ti rọlẹ̀, orí ẹ̀ ń dán bí ẹyin sísè. Ìyá ẹ̀ ò tíì fi orí náà ṣe yẹ̀yẹ́ tí Náàgì fi ti búrẹ́dì bọ òróró, tó ti í bọ dúkà, tó jù ú sẹ́nu. Ó ń jẹ ẹ́ lọ. Àwọn obìnrin méjèèjì ń wo ẹnu ẹ̀.

"Ó yàtọ̀," ó ní.

"Yàtọ̀ báwo?" Wọ́n jọ sọ ọ́ pọ̀.

"Látìgbà òtútù, bíi pé míǹtì inú ẹ̀ ti rìnrìn àjò. Òní ló dé. Mi ò fẹ́ sọ, Màmá, ẹ ò bá sín mi jẹ."

Àǹtí Ràtíbà rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà gùn bí ọ̀rọ̀ ẹ̀, ó sì ti imú jáde. Ìyá Náàgì jẹ́ kó rẹ́rìn-ín dé ìdí. Lẹ́yìn náà ló bẹ̀rẹ̀ sí í rọ dúkà sínú àpò, ó ń gbọn ọ́n kó lè gba púpọ̀ sí i, ó fi okùn di ẹnu ẹ̀, ó tún un dì.

"Odó ńkọ́, Àǹtí?" ó ní, kò gbójú sókè. "Kò jó."

"Kò jó." Àǹtí Ràtíbà dìde, ó gbọn iyanrìn kúrò lára aṣọ. Ó nawọ́ sínú odó, ó yọ ọmọ odó, ó fi ìborí nù ún, ó gbé e há abíyá bí ẹni gbé búrẹ́dì. "Odó kù sókè. Èyí ń bá mi lọ sísàlẹ̀. Ẹ fi etí gún un nígbà míì ká rí i."

Ó ti dé àárín àtẹ̀gùn kí Ìyá Náàgì tó yọrí lẹ́nu ọ̀nà.

"Ẹ tètè gbé e gòkè lọ́jọ́ Jímọ̀," ó ké tẹ̀ lé e. "Ẹ sì fọ imú yín kẹ́ ẹ tó wá, iṣẹ́ pọ̀ fún un."

Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ níbẹ̀ nìyẹn títí dòní. Kí odó tó dún, àdúgbò á kọ́kọ́ gbọ́ sálúbàtà Àǹtí Ràtíbà lórí àtẹ̀gùn, pá, pá, pá. Wọ́n á sì gbọ́ ohùn ẹnì kan lókè tó ń sín in jẹ: "Mò ń bọ̀ọ̀ọ̀, ẹ má tíì dáná ooo." Lẹ́yìn náà, agbọ̀n á bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀ kalẹ̀.