Ozella Nìkan Lórí Pèpéle

Fíìmù mẹ́ta péré ni ẹ̀gbọ́n mi, Ozella Tibbs, ṣe ní Hollywood, lẹ́yìn náà ó ń fi iṣẹ́ irun jẹun títí ó fi kú. Nínú méjì àkọ́kọ́, ọmọ ọ̀dọ̀ ni wọ́n fi í ṣe: á gba fìlà lọ́wọ́ ọ̀gá, á ní "Bẹ́ẹ̀ ni, sà," á sì wọlé lọ. Ọmọ tó jẹ́ pé bó bá kọrin ní ìjọ Onítẹ̀bọmi wa ní Mississippi, àwọn àgbà á gbàgbé abẹ̀bẹ̀ tó wà lọ́wọ́ wọn. Ó ṣì ń bí mi nínú.

Fíìmù kẹta ni wọ́n fún un lórin tirẹ̀, orin swing gidi, tàwọn ọ̀dọ́ ìgbà yẹn ń jó títí bàtà á fi lu. Ó ní kò sí òṣèré kankan tó bá òun dúró, kò sẹ́ni tó bá òun sọ̀rọ̀ kórin tó bẹ̀rẹ̀ tàbí nígbà tó parí. Òun nìkan, aṣọ funfun, àti pèpéle gbalasa. Ó kà á sí ọlá, àwa náà sì bá a yọ̀.

Ojú Mama ti ń ṣókùnkùn nígbà náà, dókítà sì ti ní kò sóògùn rẹ̀. Ohun kan ṣoṣo tí Mama ń fẹ́ ni kó rí ọmọ rẹ̀ nínú sinimá kójú náà tó fọ́. Nígbà tí fíìmù ọ̀hún dé ìlú wa, Ozella wọ ọkọ̀ ojú irin wálé láti Los Angeles. Ìdajì ìjọ ló tẹ̀ lé wa gba àtẹ̀gùn ẹ̀gbẹ́ lọ sókè, níbi tí wọ́n ń fi àwa dúdú sí. Mama dé fìlà ọdún Àjíǹde rẹ̀, ó jókòó síwájú pátápátá.

Ozella di ọwọ́ rẹ̀ mú. "Mama, bí ọkùnrin yẹn bá ti ṣílẹ̀kùn ilé ijó, èmi ló kàn."

Ọkùnrin náà ṣílẹ̀kùn. Àwòrán náà ta gìjà, la bá rí i tó ti wà níta, tòun tọ̀rẹ́bìnrin rẹ̀ ń rẹ́rìn-ín. Mama ń retí títí fíìmù fi parí.

Bùrọ̀dá Purvis, ẹni wa tó ń gbálẹ̀ níbẹ̀, ló sọ ọ́ fún wa lórí àtẹ̀gùn, kò sì wojú Ozella. Ó ní ọ̀gá òun kì í fẹ́ káwọn aláwọ̀ funfun rí obìnrin dúdú tí kò gbé àwo, ó ti gé orin Ozella kúrò nínú fíìmù. Ó ní àwọn Hollywood mọ̀, ìdí tí wọ́n fi ń ya irú orin bẹ́ẹ̀ sọ́tọ̀ nìyẹn, kí gígé rẹ̀ má ba ìtàn jẹ́. Ẹ̀gbọ́n mi di ògiri mú.

Sístà Arletha, tó ti sọ̀ kalẹ̀ ṣáájú wa, kò tíì gbọ́. "Ozella, èwo nìwọ níbẹ̀? Àbí ìwọ nilẹ̀kùn yẹn?" Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín.

"Èmi rí i," ni Mama wí. "Aṣọ funfun ló wọ̀. Arletha, ìwọ tójú ẹ là kedere, o ò rí i?"

Sístà Arletha yára bọ́ sójú títì.

Nígbà tá a délé, Mama ò ṣí fìlà. Ó fa àga sítòsí fèrèsé. "Ó yá, ọmọ mi. Dúró síbi ìmọ́lẹ̀ yìí, kó o kọ ọ́ fún mi."

Ozella dúró síbẹ̀. Ó yanu, ohùn kò jáde. Ó tún yanu, ẹkún ló sọ. Mama tẹ̀ síwájú lórí àga, ó ń retí bó ṣe retí nínú sinimá, kò sì sẹ́ni tó lè sọ fún un pé ó ti tán.

Kí Kérésìmesì tó dé, ojú Mama ti fọ́.