Bàbá Ọpẹ́, Aláròyé Ẹ̀jìgbò

Ọjọ́ tí Alàájì Salahudeen dá gúrúùpù Wasáàpù ẹbí àti ojúlùmọ̀ sílẹ̀ ni wọ́n ṣì ń sọ ní Ẹ̀jìgbò títí dòní. "Ọpẹ́ Nìkan" ló pe orúkọ gúrúùpù ọ̀hún, òfin kan ṣoṣo ló sì fi síbẹ̀: ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ ráhùn. Ẹni tó bá ráhùn, yíyọ ni wọn yóò yọ ọ́, ìbáà ṣe ẹ̀gbọ́n, ìbáà ṣe àbúrò. Ó ní ìráhùn ló ń lé oore sẹ́yìn. Tilé toko ní àmín.

Kò pé ìṣẹ́jú mẹ́wàá tí Alàájì fi ohùn ara rẹ̀ ránṣẹ́. "Ça va aller, gbogbo rẹ̀ á dáa, ẹ̀yin èèyàn mi. Ẹ jẹ́ ká máa dúpẹ́." Ìyẹn ni gbólóhùn àkọ́kọ́. Láti ibẹ̀ ló ti bọ́ sórí iná tí kò wá láti ọjọ́ Àlàmísì, ó kan orúnkún rẹ̀, ó kan ewúrẹ́ aládùúgbò tó ń jẹ aṣọ lórí okùn, ó kan búrẹ́dì ayé ìsinsìnyí tí afẹ́fẹ́ kún inú rẹ̀. Ìṣẹ́jú mọ́kànlá gbáko. Mùtmàínà, àkọ́bí rẹ̀ tó ń ta aṣọ ní Adjamé ní Abidjan, gbọ́ ọ tán pátá, ó rẹ́rìn-ín títí oníbàárà fi bi í pé kí ló ṣẹlẹ̀.

Afeezat, àbúrò Mùtmàínà, tó ń gbé lọ́dọ̀ bàbá wọn nílé, ló lẹ́nu láti sọ̀rọ̀. "Bàbá, ẹ ti ráhùn. Ẹ yọ ara yín."

Alàájì wò ó látòkè délẹ̀. "Ta ló ráhùn? Àlàyé ni mo ṣe. Ẹ̀yin ọmọ yìí, ẹ ò mọ ìyàtọ̀."

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn kan náà, Wàhábì ọ̀rẹ́ rẹ̀ kọ ọ́ láti ìlú Ọlá pé orí ń fọ́ òun. Alàájì yọ ọ́ lójú ẹsẹ̀. Wàhábì gun ọ̀kadà wá sí Ẹ̀jìgbò ní ọjọ́ kejì láti wá ṣe ẹjọ́ ara rẹ̀.

"Salahudeen, orí fífọ́ ni mo sọ. Mi ò bú ẹnikẹ́ni."

"O ò ṣe dúpẹ́ pé o lórí?"

Ó dá a padà sínú gúrúùpù ṣá. Ó wá oògùn orí fún un, ó po tíì, ó sì fi àròyé nípa ṣúgà dá a dúró títí ọ̀sán fi pọ́n. Irú wọn pọ̀ lóde o, ẹ má wo Alàájì nìkan. Ẹni tó kọ "ìdùnnú ni ìgbésí ayé mi" sábẹ́ fọ́tò ara rẹ̀, kó tó di ọ̀sán, á ti bú òjò, á ti bú oòrùn. Ti Alàájì kàn yàtọ̀ díẹ̀.

Ẹ̀fúùfù ṣí òrùlé Kàdíjà àbúrò rẹ̀ ní Ìsundúnrin. Obìnrin náà kò fẹ́ kí wọ́n yọ òun, ló bá kọ ọ́ sí gúrúùpù pé, "Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run. Orí bẹ́ẹ̀dì mi ni mo ti ń rí ìràwọ̀." Àwọn èèyàn ń kí i kú oríire. Alàájì nìkan ló kà á lẹ́ẹ̀mejì. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, ó ti di páànù sẹ́yìn ọkọ̀, ó mú káfíńtà dání, ó ń bú ọ̀nà, ó ń bú ìṣó, ó ń bú káfíńtà, títí wọ́n fi kan òrùlé náà tán. Kàdíjà ní òun ò rí ẹni tó fi èébú kọ́lé rí.

Mùtmàínà ní ìdí tí àròyé bàbá rẹ̀ fi ń dùn mọ́ ọn. Nígbà tí Sìdíkàt ìyá wọn ń ṣàìsàn, ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni wọ́n fi ń sọ fún un lórí fóònù pé ara ìyá ti ń yá. Wọn ò fẹ́ kó dààmú. Lọ́jọ́ tí wọ́n sọ òótọ́, wọ́n ti sin ìyá láti àná. Ẹ̀rù tó ń bà á láti ìgbà náà ni pé bàbá òun náà á lọ bẹ́ẹ̀, tí wọn á fi "kò séwu" bo òun lójú. Ṣùgbọ́n bí Alàájì bá ń bá ewúrẹ́ jà, a jẹ́ pé agbára ṣì wà.

Ọjọ́ Jímọ̀ kan lẹ́yìn Iléyá, ohùn Alàájì wọlé sí gúrúùpù. Kò ju kéèyàn mí lẹ́ẹ̀mẹta lọ. "Ẹ̀yin èèyàn mi, gbogbo nǹkan dáa. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín." Ó tán. Àwọn ará gúrúùpù bẹ̀rẹ̀ sí í pàtẹ́wọ́ pé Alàájì ti wá di ọlọ́pẹ́ gidi. Mùtmàínà pe Afeezat.

"Kí ló ṣe Bàbá?"

"Kò sí nǹkan, ẹ̀gbọ́n mi. Ó kàn rẹ̀ wọ́n díẹ̀ ni. Wọ́n tiẹ̀ jẹ ọbẹ̀ tí mo sè lánàá, wọ́n ní ó dùn."

"Wọ́n ní kí ni?"

"Wọ́n ní ó dùn."

Mùtmàínà ti ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù. Ọ̀sán ọjọ́ náà ló wọ ọkọ̀ tó ń bọ̀ ní Ẹ̀jìgbò, ó sì lo ọjọ́ mẹ́ta lọ́nà. Ní gbogbo bodè tí wọ́n dúró sí, àdúrà kan náà ló ń gbà: Ọlọ́run, jẹ́ kí n bá a lẹ́nu àròyé.

Ó bá a lórí ibùsùn, ó ti gbẹ. Afeezat bú sẹ́kún, ó ní Bàbá ló ní kí àwọn má sọ. Alàájì la ojú, ó wo àkọ́bí rẹ̀ pẹ́.

"Bonne arrivée, káàbọ̀," ló wí. "Kí ló dé tó o rù báyìí? Ta ló sì di gèlè yẹn fún ẹ?"

Mùtmàínà ń rẹ́rìn-ín, omi ń bọ́ lójú rẹ̀. "Bàbá, kí ló dé tẹ́ ẹ ní gbogbo nǹkan dáa?"

"Mi ò fẹ́ dà yín láàmú."

"Ìgbà tẹ́ ẹ bá ń dà wá láàmú lọkàn wa ń balẹ̀."

Alàájì rẹ́rìn-ín díẹ̀. "Tí mo bá ní mo wà dáadáa, ẹ ó ní Alhamdulillah, ẹ ó gbé fóònù sílẹ̀. Tí mo bá ní orúnkún ń dùn mí, ẹ ó pè. Ṣé ìwọ náà kì í ṣe bẹ́ẹ̀?"

Òótọ́ ni. Mùtmàínà fa àga sún mọ́ ibùsùn.

Ọjọ́ mẹ́sàn-án ló fi jókòó tì í. Ìrọ̀rí le, Alàájì sọ ọ́. Ìmọ́lẹ̀ pọ̀ jù, ó sọ ìyẹn náà. Kò sí èyí tí Mùtmàínà kò dá lóhùn. Ní àárọ̀ ọjọ́ kẹwàá, ó fún un lómi mu, Alàájì ní ó tutù jù. Ó fẹ́ dìde lọ gbé e kaná, bàbá di ọwọ́ rẹ̀ mú.

"Fi sílẹ̀. Jókòó."

Ó jókòó. Ọwọ́ rẹ̀ kò kúrò lọ́wọ́ bàbá rẹ̀ títí bàbá fi dákẹ́.

Lẹ́yìn tí wọ́n sin ín lọ́sàn-án ọjọ́ náà, àwọn ará Abidjan tí kò mọ̀ pé ó ti wálé ń pè é lọ́kọ̀ọ̀kan, wọ́n ń bi í bóyá òótọ́ ni, àti pé ta ló sọ fún un.

"Kò sẹ́ni tó sọ fún mi," ni Mùtmàínà ń wí. "Ojú mi ló ṣe."