Fọ́tò Òkú Hirukawa

Iṣẹ́ tí Hirukawa Jinpei fi gbogbo ayé rẹ̀ ṣe ni kíkú. Láti ìgbà ọ̀dọ́ rẹ̀ ní ilé iṣẹ́ fíìmù kan ní Kyoto, nílẹ̀ Japan, ni idà àwọn òṣèré ńlá ti ń gé e lulẹ̀. Yóò yí bìrí, yóò ṣubú sínú ẹrẹ̀, olókìkí yóò sì tẹ̀ ẹ́ kọjá. Nígbà tí ẹ̀yìn rẹ̀ kò gba ìṣubú mọ́, wọ́n gbé e lọ sí yàrá tí wọ́n ti ń gba ohùn sílẹ̀. Níbẹ̀ ló ti ń kérora fún àwọn òyìnbó tí ìbọn bà nínú fíìmù ilẹ̀ òkèèrè. Kò sọ ju gbólóhùn kan lọ rí lójú kámẹ́rà.

Ìdí nìyí tí orí rẹ̀ fi wú nígbà tí olùdarí kan, Uzawa, pè é pé kó wá ṣe bàbá tó ń bá ọmọ rẹ̀ sọ̀rọ̀ ìkẹyìn lórí ibùsùn nínú fíìmù tuntun kan. Ọ̀rọ̀ náà kún ojú ìwé kan. Ọ̀sẹ̀ yẹn náà ni dókítà rí jẹjẹrẹ nínú ọ̀fun rẹ̀.

"Ẹ jẹ́ ká tètè ṣiṣẹ́ abẹ. Ohùn yín á lọ, ẹ̀mí yín á dúró."

"Ẹ jẹ́ n sọ̀rọ̀ mi tán ná."

"Bàbá, àìsàn yìí kì í dúró deni."

Nílé, Orie ìyàwó rẹ̀ gbé ìrẹsì àti ẹja gbígbẹ kalẹ̀. Hirukawa kò lè gbé e mì.

"Bàbá Natsu, ta ló fẹ́ gbọ́ ohùn yín? Èmi tí mò ń gbọ́ ọ látọjọ́ yìí, ó ti sú mi."

"Torí pé o kì í ra tíkẹ́ẹ̀tì ni."

"Mi ò fẹ́ tíkẹ́ẹ̀tì. Ọkọ ni mo fẹ́."

Hirukawa lọ ṣe fíìmù náà. Ohùn rẹ̀ ti ń há, ṣùgbọ́n ó sọ ọ̀rọ̀ náà dópin. Àwọn tó ń tan iná pàápàá nu ojú. Lẹ́yìn náà, wọ́n ya fọ́tò rẹ̀, wọ́n fi férémù dúdú sí i, wọ́n gbé e sórí pẹpẹ fún ìran ìsìnkú. Àṣà wọn ni pé bí ìran bẹ́ẹ̀ bá parí, wọ́n á fa fọ́tò náà ya lójú ẹni tó ni ín, kí ikú má baà rò pé wọ́n ti pe òun.

"Bàbá Hirukawa, ẹ bọ̀ wá, ká fa ikú yín ya," ni ọmọbìnrin tó ń tọ́jú ẹrù wí.

"Má fà á ya. Mi ò ní fọ́tò tó dáa báyìí. Ìyàwó mi á nílò ẹ̀."

Ọmọbìnrin náà rẹ́rìn-ín. Ó rò pé àwàdà ni.

Nígbà tí Uzawa pè wọ́n láti wá wo fíìmù náà, jẹjẹrẹ ti gba ohùn Hirukawa pátápátá. Òun àti Orie jókòó sẹ́yìn. Ọmọ inú fíìmù wọlé. Kò sí bàbá lórí ibùsùn. Fọ́tò ló wà lórí pẹpẹ, èéfín tùràrí ń gba iwájú rẹ̀ kọjá. Hirukawa ń retí ọ̀rọ̀ rẹ̀ títí iná fi tàn.

Uzawa pàdé wọn lẹ́nu ọ̀nà. "Bàbá, ẹ máà bínú. Fíìmù ọ̀hún gùn jù. Ojú yín nínú fọ́tò yẹn ti sọ gbogbo ẹ̀."

Hirukawa la ẹnu. Afẹ́fẹ́ lásán ló jáde. Ló bá tẹrí ba fún un, títí ẹ̀yìn rẹ̀ fi ro ó, bó ti ń ṣe fún gbogbo ọ̀gá tó ti pa á rí.

Orie kò tẹrí ba. "Ọ̀gá, ohùn ọkọ mi dà?"

"Mà, a ti pa á rẹ́."

Ìgbà òtútù ni wọ́n sin Hirukawa. Uzawa fi òdòdó funfun ránṣẹ́. Fọ́tò inú férémù dúdú yẹn ló wà lórí pẹpẹ. Àwọn tó wá sun tùràrí ń sọ pé ó jọ ẹni tó fẹ́ sọ̀rọ̀.