Ààlà tó Gba Inú Adágún

Lọ́dún 1988, ní ilé ìwé girama wa n'Ílàrọ́, tíṣà Jọ́gíráfì kọ́ wa nípa àgbègbè Rombo ní Tanzania. Ẹsẹ̀ òkè Kilimanjaro ni wọ́n ń gbé, kọfí àti ọ̀gẹ̀dẹ̀ ni wọ́n ń gbìn. Ààlà orílẹ̀-èdè méjì gba àárín adágún Chala wọn kọjá, àwọn òyìnbó sì ń ti ọ̀nà jíjìn wá wò ó. Mo nawọ́, mo ní ààlà orílẹ̀-èdè méjì gba inú oko bàbá àgbà mi náà kọjá.

"Ta ló fẹ́ wá wo oko ẹ̀gẹ́?" ni tíṣà bi mí.

Gbogbo kíláàsì bú sẹ́rìn-ín.

Ọ̀sẹ̀ yẹn náà ni màmá tó bí bàbá mi kú lódìkejì ẹnubodè. Nílé wa, àkọ́bí ló ń kọ́kọ́ bu yẹ̀pẹ̀ sí sàréè òbí rẹ̀, bàbá mi sì ni àkọ́bí. Bá a ṣe ń lọ síbi ìsìnkú, àwọn kọ́sítọ́ọ̀mù dá wa dúró lẹ́nubodè, wọ́n ń tú ẹrù wa bí ẹrù fàyàwọ́. Kí wọ́n tó ní ká máa lọ, àwọn ará ilé ti sin màmá. Àbúrò bàbá mi ló bu yẹ̀pẹ̀.

Nínú ìdánwò, mo ya àwòrán adágún Chala, mo sì fa ààlà gba àárín rẹ̀. Tíṣà kọ ọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ pé ìlà náà gún régé.