Ọjọ́ Tí Wọn Ò Pe Orúkọ Gàní

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ fún mi láyè díẹ̀ lónìí. Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí ojú mi rí ní Dubai, torí ó ti pẹ́ tí mo ti ń gbé e mì, kò sì lọ sísàlẹ̀.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ̀ mí mọ̀ pé ẹnu mi kì í gbé jẹ́ẹ́. Ràfíà aláriwo ni wọ́n ń pè mí láti ilé kéwú ní Ìlọrin. Tí ohun rere bá ṣẹlẹ̀ ní ojúlé kẹta sí tiwa, èmi ni màá kọ́kọ́ gbọ́, èmi náà ni màá sì pín in kiri. Ẹ fi ìyẹn sọ́kàn o.

Èmi àti àbúrò mi Gàní nìkan ni ìyá wa bí. Ṣé ẹ mọ bésíbọ́ọ̀lù? Eré àwọn ará Amẹ́ríkà yẹn, tí ẹnì kan máa ń ju bọ́ọ̀lù kékeré, tí ẹlòmíì á fi kóńdó gbá a. Ẹ má rẹ́rìn-ín, wọ́n ń ṣe é ní Ìlọrin wa! Láti ilé-ìwé girama ni Gàní ti ń jù ú. Tó bá ju bọ́ọ̀lù pẹ̀lú ọwọ́ ọ̀tún ẹ̀ yẹn, ojú yín ò ní rí i, ìró ẹ̀ nínú ìbọ̀wọ́ aláwọ ẹni tó ń hán an nìkan lẹ máa gbọ́.

Ìgbà tí náírà já lulẹ̀, tí nǹkan wá le bí ojú ẹja, mo ní kó máa bọ̀ lọ́dọ̀ mi. Èmi ti wà ní Sharjah nígbà yẹn, mo ń ṣe security ní ilé-ìwé kan ní Muwaileh, bedspace mi, bẹ́ẹ̀dì kan nínú yàrá tí àwa púpọ̀ jọ ń sùn sí, sì wà ní Al Qasimia. Gàní ríṣẹ́ ní Al Ras ní Dubai, ní ṣọ́ọ̀bù ará Íńdíà kan tó ń ta ata gbígbẹ ní àpò-àpò. Òun ló ń rù ú látinú ọkọ̀. Tó bá wá kí mi lọ́jọ́ ìsinmi, gbogbo wa nínú yàrá á máa sín títí á fi lọ!

Ìbọ̀wọ́ aláwọ ẹ̀ wà nínú báàgì tó gbé wá láti ilé. Mo bi í pé kí ló fẹ́ fi ṣe nínú aṣálẹ̀. Ó kàn rẹ́rìn-ín.

Àṣé kò ní pẹ́ tí wọ́n á fi dá ẹgbẹ́ bésíbọ́ọ̀lù sílẹ̀ ní Dubai, ti àwọn tó ń gbowó oṣù lórí ẹ̀, kì í ṣe ti àṣeréyá. Wọ́n ní kí ẹni tó bá mọ̀ ọ́n ṣe wá dán ara ẹ̀ wò. Gàní lọ. Kóòṣì wo ọwọ́ ẹ̀, ó ní kó padà wá lọ́la. Ọ̀la di ọ̀sẹ̀, wọ́n mú un mọ́ àwọn tó ń ṣe ìgbáradì. Ọ̀gá ẹ̀ ní Al Ras ní khalas, ó ti parí, kó máa lọ, kó má gbàgbé òun tó bá di gbajúmọ̀. Ohun tó kù ni kí wọ́n mú àwọn tó máa wọ ẹgbẹ́ gan-an nínú wọn.

Ọjọ́ àkọ́kọ́ tí ẹgbẹ́ bá máa ṣe eré nílé ara wọn, ọdún kékeré ló jẹ́ fún àwọn eléré yìí. Gàní ti ṣàlàyé ẹ̀ fún mi títí ó fi sú mi. Wọ́n á ta àsíá yí pápá ká. Wọ́n á ní kí èèyàn pàtàkì kan wá ju bọ́ọ̀lù àkọ́kọ́. Ṣùgbọ́n èyí tó wà lọ́kàn Gàní jù ni ìpè orúkọ. Lọ́jọ́ mìíràn, àwọn tó máa bẹ̀rẹ̀ eré nìkan ni wọ́n máa ń pè. Lọ́jọ́ yìí, gbogbo wọn pátá ni, títí kan ẹni tó máa jókòó sórí bẹ́ńṣì títí eré á fi parí. Wọ́n á pè é, á sáré jáde, á lọ dúró lórí ìlà funfun, gbogbo èrò á pariwo.

Ó ní, “Sístà, bí mi ò bá tiẹ̀ ju ẹyọ bọ́ọ̀lù kan, wọ́n á ṣáà pè mí.”

Ẹ̀yin èèyàn mi, ṣé mo wá dákẹ́? Mo pariwo! Mo sọ ọ́ ní yàrá, mo sọ ọ́ níbi iṣẹ́, mo gbé e sórí status. Mo pe Màmá wa ní Ìlọrin, Màmá ní gbogbo agboolé ló máa wò ó lórí video call, àti pé áfáà á wá ṣe àdúrà kí eré tó bẹ̀rẹ̀.

Ní ọ̀sẹ̀ eré náà gan-an ni Gàní pè mí. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ pé ká rọra ṣe ọ̀rọ̀ yìí. Mo ní rọra ṣe kí ni? Ó bi mí pé ṣé Màmá gbọ́dọ̀ wò ó ni. Mo ní tí Màmá ò bá wò ó, ta ló fẹ́ kó wò ó?

Ó wá ní, “Sístà, nǹkan kan wà tí mo fẹ́ sọ fún yín.”

Mo ní mo ti mọ̀ ọ́n! Mo ní kú ọgbọ́n, ọmọ Màmá ni ẹ́ lóòótọ́. Mo ní ẹni tí ire ń bọ̀ wá bá, ṣe ló máa ń fi ọwọ́ bò ó, kí ayé má baà da iyanrìn sí gààrí ẹ̀. Mo ní kó fọkàn balẹ̀, kò sí ọ̀tá nínú àwọn tí mo sọ fún. Mo sọ̀rọ̀ títí. Nígbà tí mo mí, ó ní, “Ó dáa, Sístà,” ó sì pa fóònù.

Ṣé ẹ rí èmi náà? Èèyàn ń wá ibi tó máa sunkún sí, mo ń kí i kú ọgbọ́n!

Ọjọ́ pé. Èmi àti Bísọ́lá, tó ń sùn lórí bẹ́ẹ̀dì òkè tèmi, la ṣáájú àwọn ará yàrá wa. Tíkẹ́ẹ̀tì tí Gàní ti fún wa tẹ́lẹ̀ la mú dání. A wọ bọ́ọ̀sì láti Sharjah, a wọ metro, a tún wọ taxi. Páálí ńlá wà lọ́wọ́ mi. Mo ti kọ ÀKÀNNÍ sí i gàdàgbà-gàdàgbà. Oríkì Gàní nìyẹn, Màmá nìkan ló máa ń pè é bẹ́ẹ̀.

Pápá yẹn dùn-ún wò! Koríko tútù minimini láàárín iyanrìn, àsíá níbi gbogbo, òórùn ànàmọ́ díndín ń fẹ́ wá. Àgbà àti ọmọdé mú ìbọ̀wọ́ wá láti ilé, torí bọ́ọ̀lù tó bá já sáàárín èrò, ẹni tó bá hán an ló ni ín. Bísọ́lá ní ṣé wọn ò ní gbà á padà lẹ́nu géètì ni? Ẹ wo ọmọ Nàìjíríà!

Mo pe Màmá. Iwájú orí wọn nìkan là ń rí lójú fóònù, ariwo agboolé sì wà lẹ́yìn wọn. Mo yí kámẹ́rà sí pápá.

Wọ́n kọ́kọ́ pe ẹgbẹ́ àlejò. Lẹ́yìn náà ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í pe tiwa. Ẹni àkọ́kọ́ sáré jáde, a hó. Ẹnì kejì, a hó. Bí ẹnì kan bá ti dé orí ìlà, á na ọwọ́ sí èyí tó wà níwájú ẹ̀. Màmá ń bi mí pé èwo ni Àkànní níbẹ̀. Mo ní ó ń bọ̀, Màmá, ó ń bọ̀.

Ìlà ń gùn sí i. Mo gbé páálí sókè, apá ń ro mí, mi ò sọ̀ ọ́ kalẹ̀. Bísọ́lá rọra fẹnu sí mi létí pé ó dà bíi pé wọ́n fẹ́ parí. Mo ní kó fi mí sílẹ̀. Mo ní èyí tó dáa jù ni wọ́n máa ń fi ṣe ìkẹyìn!

Wọ́n pe ẹni ìkẹyìn. Kì í ṣe Gàní. Orin orílẹ̀-èdè bẹ̀rẹ̀, gbogbo èèyàn dìde.

Mi ò lè ṣàlàyé bí inú mi ṣe rí. Mo ka ojú wọn lórí ìlà léraléra, bóyá mo ti fò ó ni. Mo fi páálí pamọ́ sábẹ́ ìjókòó. Mo tẹ àtẹ̀jíṣẹ́ sí Gàní, kò kà á. Àwọn ará yàrá mi ò wo ojú mi mọ́. Màmá ò sọ nǹkan kan. Mo rò pé nẹ́tíwọ́ọ̀kì ló dá wọn dúró.

Eré bẹ̀rẹ̀. Ẹ má bi mí ẹni tó ń borí, mi ò mọ̀.

Nígbà tó dé àárín eré, wọ́n dá a dúró kí wọ́n tún ilẹ̀ pápá ṣe. Àwọn ọkùnrin kan jáde, wọ́n ń fa àwọ̀n irin ńlá lórí iyẹ̀pẹ̀ kó lè tẹ́jú. Orin ń lọ, èrò ń pàtẹ́wọ́ fún wọn. Ó jọ pé àṣà wọn nìyẹn. Èmi ò tiẹ̀ wò wọ́n.

Màmá ló kọ́kọ́ rí i! Látinú fóònù, láti Ìlọrin!

“Àkànní nìyẹn! Ràfíà, ọmọ mi nìyẹn!”

Mo wò. Gàní ni lóòótọ́. Ó ti fa fìlà ẹ̀ wálẹ̀ bojú, ó ń fa àwọ̀n irin yẹn, ó ń wo ilẹ̀. Kó tó di pé mo lanu, Màmá ti bẹ̀rẹ̀ sí í kì í. Àkànní ọkọ mi! Àkànní ọmọ tó jọ bàbá ẹ̀ lẹ́sẹ̀! Agboolé ń dáhùn lẹ́yìn wọn. Mo rò pé wọn ò mọ ohun tó ń fà. Mo rò pé wọ́n gbà pé òun ni gbogbo èrò yẹn ń pàtẹ́wọ́ fún, omi wá ń já lójú mi.

Màmá ní, “Páálí yẹn dà? Gbé e sókè, kó rí wa!”

Kí ni kí n ṣe? Mo fà á yọ lábẹ́ ìjókòó. Mo gbé e sókè, Bísọ́lá bá mi di etí kan mú. Mo fi gbogbo agbára ọ̀fun mi pe Àkànní. Gàní gbójú sókè. Ó rí páálí, ó rí fóònù tí mo nà sí i. Ó dúró, ẹni tí wọ́n jọ ń fa àwọ̀n fẹ́rẹ̀ẹ́ kọlù ú. Ó fi apá aṣọ nu ojú, ó sì ń fà á lọ.

Lẹ́yìn eré, mo dúró dè é lẹ́nu géètì. Ó ti fọwọ́, iyẹ̀pẹ̀ ṣì wà lára bàtà ẹ̀. Ó ní ní ọ̀sẹ̀ yẹn ni wọ́n sọ fún òun pé àwọn ò mú òun. Ọwọ́ òun le, àmọ́ bọ́ọ̀lù òun kì í lọ síbi tí wọ́n fẹ́ lójoojúmọ́. Wọ́n ní tó bá fẹ́, iṣẹ́ wà lára àwọn tó ń tọ́jú pápá. Ó gbà á nítorí visa.

Mo ní kí ló dé tí o ò sọ fún mi?

Ó wò mí. Kò bínú. Ó dáa ká ní ó bínú! Ó ní, “Sístà, ẹ ò jẹ́ kí n sọ ọ́.”

Ó yọ ìbọ̀wọ́ aláwọ ẹ̀ nínú báàgì, ó ní kí n bá òun gbé e lọ sí Al Qasimia, kò sí àyè níbi tóun ń sùn. Irọ́ ni. Ìbọ̀wọ́ yẹn ò tóbi ju búrẹ́dì kan lọ. Mo gbà á.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, mo pe Màmá. Mo ti ro irọ́ tí mo fẹ́ pa sílẹ̀. Wọn ò jẹ́ kí n pa á. Wọ́n ní ṣé mo rò pé àwọn fọ́jú ni? Wọ́n ní ọdún tí wọ́n dá bàbá wa dúró níṣẹ́, bàbá ṣì ń wọ aṣọ iṣẹ́ jáde láràárọ̀, wọn ò lè sọ ọ́ nílé. Màmá ti gbọ́ lọ́jà. Wọn ò bèèrè. Wọ́n kàn ń di oúnjẹ ọ̀sán fún bàbá bí wọ́n ṣe máa ń dì í tẹ́lẹ̀.

Wọ́n ní, “Wọ́n pe gbogbo ọmọ ọlọ́mọ tán, wọn ò pe tèmi. Mo bá pè é fúnra mi.”

Ẹ̀yin èèyàn mi, mo sunkún lórí bẹ́ẹ̀dì yẹn títí Bísọ́lá fi sọ̀ kalẹ̀ wá bá mi.

Gàní ṣì ń tún pápá ṣe. Ó máa ń wá kí mi, a máa ń jẹun, kì í wo ibi tí ìbọ̀wọ́ ẹ̀ wà lẹ́sẹ̀ bẹ́ẹ̀dì mi. Èmi náà ò gbé e kúrò.

Àwọn kan á ní ẹ̀kọ́ ibẹ̀ ni pé kéèyàn má pariwo ire kó tó dé. Òótọ́ ni, àmọ́ kì í ṣe ìyẹn ló ń dùn mí. Ohun tó ń dùn mí ni pé àbúrò mi gbé ẹrù wá sẹ́nu ọ̀nà mi, mo fi ayọ̀ dí ọ̀nà mọ́ ọn. Ẹ jọ̀ọ́, tí èèyàn yín bá ní òun fẹ́ sọ nǹkan kan, ẹ má bá a parí ọ̀rọ̀. Ẹ jẹ́ kó sọ ọ́ tán, bó ti wù kó burú tó.

Ẹ̀yin ńkọ́? Ṣé ó ti ṣe yín rí, pé ẹ gbé ìròyìn burúkú délé, ilẹ̀ tẹ́ ẹ máa sọ̀ ọ́ sí ò sí? Àbí ẹ̀yin lẹ ò jẹ́ kí ẹnì kan sọ tiẹ̀? Ẹ kọ ọ́ sísàlẹ̀ níbí. Màá pa ẹnu mi dé, màá sì kà á tán.