Òrùka Tó Bọ́ Sọ́wọ́ Ọ̀tún

Ọdún méjìlá ni Hendrikje Boomsma fi ń gé fíìmù tó sì ń so ó pọ̀ fún ọ̀gá wa, Verhagen, kò sì ṣi ọwọ́ rí. Fíìmù ní ojú méjì: ọ̀kan ń dán, oògùn àwòrán wà lára èkejì. Kí Hendrikje tó lẹ̀ wọ́n pọ̀, á kọ́kọ́ fi etí fíìmù kan ètè. Ojú tó bá lẹ̀ mọ́ ètè ni olóògùn. Ní oṣù kẹta ọdún 1935, òtútù bẹ́ ẹ létè, ojú lásán ló fi ṣiṣẹ́ náà, nítorí wọ́n ń kán wa lójú pé kí fíìmù àwọn tó ń mọ odi òkun tètè dé ibi àfihàn àgbáyé ní Brussels.

Lọ́jọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ fi í hàn níbẹ̀, wọ́n pe Wobbe Terpstra, ọ̀kan nínú àwọn tó ń to òkúta. Àfẹ́sọ́nà rẹ̀, Aukje, jókòó tì í pẹ̀lú bàbá Aukje, tó jẹ́ alàgbà ìjọ. Èmi àti Hendrikje wà lẹ́yìn wọn, Verhagen sì wà pẹ̀lú wa. Nínú ìjọ tiwọn, ọwọ́ òsì ni àfẹ́sọ́nà ń wọ òrùka sí. Ọjọ́ ìgbéyàwó ni òrùka ń bọ́ sí ọ̀tún. Bí ọwọ́ Wobbe ṣe kún ojú aṣọ funfun tí wọ́n ń fi fíìmù hàn sí, ọwọ́ ọ̀tún ni òrùka wà.

Alàgbà rọra bi í pé kí ni orúkọ ìyàwó tó fẹ́ sí Wieringen, níbi tó ti ṣiṣẹ́ ọdún mẹ́ta. Wobbe ń wo ọwọ́ ara rẹ̀ bí ẹni pé ti ẹlòmíràn ni. Aukje ti ń bọ́ òrùka tirẹ̀.

Hendrikje dìde dúró. Verhagen dì í lápá mú, ó ní mínísítà wà níwájú, kó jókòó. Kò jókòó.

“Bàbá, ẹ má bínú. Ọmọ yìí kò níyàwó kankan.”

“Ẹ̀yin wá ńkọ́? Ìyá ìyàwó ni yín?”

“Èmi ni mo so fíìmù yẹn lódì, sà, ọwọ́ òsì ló di ọ̀tún. Ẹ jẹ́ kí wọ́n tún fi í hàn, kí ẹ wo bọ́tìnnì ẹ̀wù rẹ̀.”

Wọ́n tún fi í hàn. Alàgbà wò ó títí: bọ́tìnnì ẹ̀wù náà wà ní apá òsì bíi ti ẹ̀wù obìnrin.

“Wobbe, ṣé ẹ̀wù ìyá rẹ lo wọ̀ lọ síbi iṣẹ́ ni?”

Àwọn kan rẹ́rìn-ín. Aukje kò rẹ́rìn-ín. Ó ti òrùka rẹ̀ padà sí ìka.

Lọ́sàn-án ọjọ́ náà ni Verhagen ní kí Hendrikje kó àwọn àlùmọ́gàjí rẹ̀, kó máa lọ. Hendrikje gé ibi ọwọ́ náà kúrò nínú fíìmù ná, ó fi fún Aukje, ó sì wọ ọkọ̀ ojú irin lọ sílé. Èmi ni wọ́n fi sórí àga rẹ̀. Fún ọ̀sẹ̀ kan gbáko, n kò lè gé nǹkan kan.