Gààrì Tó Mumi Yó

Omi gba abẹ́ ilẹ̀kùn wọlé wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, ó gbé sílípáàsì ìyá àgbà mi, ó ń tì í kiri yàrá. Mo pàtẹ́wọ́. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ilé-ìwé ni, ọ̀dọ̀ wọn ni mo sì máa ń wà, ní àdúgbò tó súnmọ́ odò lẹ́yìn Mile 12, bí màmá mi bá lọ síbi iṣẹ́ ní Gbàgádà. Gààrì ni ìyá àgbà ń tà lọ́jà. Bí òjò bá ti ń pọ̀, wọ́n á fi búlọ́ọ̀kù gbé bẹ́ẹ̀dì sókè, wọ́n á to àpò gààrì lé e, torí wọ́n mọ̀ pé odò ń bọ̀.

Lọ́dún yẹn, omi yá ju bí wọ́n ṣe rò lọ. Nígbà tó fi máa di ọ̀sán, ó ti kọjá orúnkún mi. Òórùn gọ́tà gba gbogbo yàrá, ara mi ń gbọ̀n.

“Màmá, omi yìí ti tutù jù.”

Ìyá àgbà wò mí, wọ́n wo bẹ́ẹ̀dì. Gààrì ti gba gbogbo orí rẹ̀. Wọ́n dúró díẹ̀, ètè wọn ń mì, mo rò pé orin ni wọ́n ń kọ. Wọ́n wá fún ìró mọ́ra, wọ́n fa àpò kan sílẹ̀. Omi ta sí wa lójú, mo bú sẹ́rìn-ín. Wọ́n fa òmíràn.

“Kí ló dé tẹ́ ẹ fi ń jù wọ́n sómi?”

“Ọkọ mi, àwọn náà fẹ́ wẹ̀. Ṣé ìwọ nìkan lo mọ omi í wẹ̀ ni?”

Wọ́n gbé mi sórí bẹ́ẹ̀dì, wọ́n ní ọkọ̀ ojú omi la wọ̀, à ń lọ sí Ìkòròdú. Mo fi ìgbálẹ̀ wa ọkọ̀. Gààrì bẹ̀rẹ̀ sí í wú nínú àpò, òórùn kíkan rẹ̀ sì bo ti gọ́tà mọ́lẹ̀.

“Màmá, ẹ wo ikùn ẹ̀.”

“Ó ti mumi yó,” ni wọ́n wí, wọ́n rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi ń fi etí ìró nu ojú.

Nígbà tí ìyá àgbà kú, lọ́jọ́ fídáù wọn, àwọn ẹbí ní kí àwa ọmọ-ọmọ sọ̀rọ̀. Ìtàn yìí ni mo sọ, mo tilẹ̀ fi ọwọ́ júwe bí àpò ṣe wú. Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín. Màmá mi ò rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn àdúà, wọ́n pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

“Gbogbo òwò wọn nìyẹn,” wọ́n sọ ọ́ jẹ́jẹ́. “Wọn ò rí nǹkan kan gbé padà sọ́jà lẹ́yìn omi yẹn. Gààrì àwọn ẹlòmíì ni wọ́n ń bá wọn sẹ́, títí apá wọn ò fi gbé asẹ́ mọ́. O ò mọ̀ ni?”

N kò mọ̀. Ojú tì mí débi pé n kò lè fọwọ́ kan sàárà tí wọ́n gbé síwájú mi. Láti ìgbà náà ni mo ti ń gbìyànjú láti fi ojú tiwọn wo ọ̀sán yẹn, mo sì ń rí i dáadáa: bí wọ́n ṣe dúró, bí wọ́n ṣe ń nu ojú. Ṣùgbọ́n bí mo ṣe ń rí i náà ni ẹ̀rín mi ìgbà yẹn ṣì ń dùn mọ́ mi nínú, kò kúrò, kò sì dín. Ẹni tó bá bi mí lónìí pé ọjọ́ wo ló dùn jù nígbà èwe mi, bí ojú tilẹ̀ ń tì mí, ọjọ́ tí òwò ìyá àgbà mi parí náà ni.